Àgbọ́tọ́wò: Ìbéèrè àti Ìdáhùn Lórí Àsìkò Tó Ń Gba Imú Wọlé

Kí ni àgbọ́tọ́wò?

Ẹ má wulẹ̀ wá a nínú ìwé atúmọ̀ èdè, èmi ni mo sọ ọ́ lórúkọ. Àgbọ́tọ́wò ni kí àsìkò gba ojú ọ̀nà tí kì í ṣe tirẹ̀ wọ èèyàn lára: kí aago mẹ́rin ìrọ̀lẹ́ ta èèyàn lẹ́nu bí ata rodo, kí Ọjọ́rú máa kùn bí ẹ̀rọ ìlọta, kí oṣù Agẹmọ tutù lọ́wọ́ bí ewé ẹ̀kọ. Apá kìíní nìyẹn. Apá kejì ni pé àsìkò náà kì í tẹ̀lé aago. Adùn ọ̀la lè ti wà lẹ́nu yín lálẹ́ òní, ariwo ọjà àná sì lè máa wọ etí yín láàárọ̀ yìí, nígbà tí ọjà ti tú.

Ṣé ó wà lóòótọ́?

Kò sí. Mo hùmọ̀ rẹ̀ ni, ní Ìbàdàn níbí, mo sì fẹ́ràn rẹ̀ débi pé mo ń dáhùn ìbéèrè nípa rẹ̀ bí ẹni tó ń tà á. Ṣùgbọ́n irọ́ tó ní ìbátan ni. Ìbátan apá kìíní ni sinẹsitísíà, ìyẹn kí ohun kan máa wọ èèyàn lára bí òmíràn, bíi kí lẹ́tà ní àwọ̀ tàbí kí ọ̀rọ̀ ní adùn, tí àwọn onímọ̀ ti ń kọ̀wé nípa rẹ̀ láti nǹkan bí igba ọdún. Apá kejì náà ní tirẹ̀, bó tilẹ̀ jẹ́ pé ìyẹn jìnnà díẹ̀. Ibi tí ẹ bá ti rí ọdún àti orúkọ onímọ̀, òtítọ́ ni mo ń sọ níbẹ̀. Ibi tí ẹ bá ti rí màmá àgbà wa, ẹ fi etí méjì gbọ́ ọ.

Níbo lẹ ti rí i?

Ilé màmá àgbà ni, ní Òjé. Aago ògiri kan wà ní pálọ̀ wọn tó ti kú sí aago méje ku ogún ìṣẹ́jú kí wọ́n tó bí mi. Kò sẹ́ni tó ń yọ ọ́, torí pé ọkọ wọn ló rà á. Àwọn fúnra wọn kò nílò rẹ̀. Tó bá ti di ìrọ̀lẹ́, wọ́n á gbé orí sókè níbi tí wọ́n ti ń ṣa ẹ̀wà, wọ́n á fa imú lẹ́ẹ̀kan, wọ́n á ní, "Àlàó, mo gbọ́ òórùn aago mẹ́rin. Dìde, lọ pọnmi." Bẹ́ẹ̀ gẹ́lẹ́ ló sì máa ń rí. Ìyá alákàrà kan wà lẹ́nu ọ̀nà agbolé tó máa ń gbé agbada kaná ní aago mẹ́rin. Àlùbọ́sà tó ń yíra nínú epo gbígbóná ni màmá ń gbọ́. Kò sí àdììtú kankan níbẹ̀.

Ọjọ́ tí ìyá alákàrà lọ ìsìnkú ní Ògbómọ̀ṣọ́ ni àdììtú dé. Ojú mi ló ṣe tilẹ̀kùn láàárọ̀, báàgì lọ́wọ́, gèlè lórí. Ó dojú agbada dé sórí ààrò, eérú ti tutù, adìyẹ kan sì ń fẹsẹ̀ tú eérú náà kiri. Nígbà tó yá, màmá gbé orí sókè. Wọ́n fa imú. "Àlàó, mo gbọ́ òórùn aago mẹ́rin." Mo ní, "Màmá, ìyá alákàrà ò sí nílé o." Wọ́n wò mí tìyanu-tìyanu. "Ta ló bi ọ́ léèrè ìyá alákàrà?" Mo sáré lọ sí ṣọ́ọ̀bù bàbá télọ̀ tó ní rédíò. Ìlù ìròyìn aago mẹ́rin ni mo bá lẹ́nu rédíò náà.

Mo ti dàgbà báyìí, mo mọ ohun tí oníṣègùn máa sọ. Ara èèyàn ní aago tirẹ̀ nínú ọpọlọ, tó ń yípo ní nǹkan bí wákàtí 24. Àwọn ará Amẹ́ríkà mẹ́ta tó fi eṣinṣin èso wádìí bí irú aago bẹ́ẹ̀ ṣe ń ṣiṣẹ́, Jeffrey Hall, Michael Rosbash àti Michael Young, gba ẹ̀bùn Nobel lórí rẹ̀ ní 2017. Imú tó ti ń gbọ́ àkàrà ní wákàtí kan náà láti ọgbọ̀n ọdún lè gbọ́ ọ nígbà tí àkàrà ò sí. Mo gbà. Àmọ́ màmá ò sọ pé àwọn gbọ́ òórùn àkàrà. Aago mẹ́rin ni wọ́n ní àwọn gbọ́.

Ẹ jọ̀ọ́, imú ló ń gbọ́ ni àbí etí?

Ẹni tó bi mí ní ìbéèrè yìí ń kọ́ Yorùbá, mo sì dúpẹ́ lọ́wọ́ rẹ̀, torí pé àwa tí wọ́n bí sínú èdè yìí ò kíyè sí i mọ́. Ọ̀rọ̀ kan náà la ń lò fún ìró àti òórùn: a gbọ́ ariwo, a gbọ́ òórùn. A tún ń gbọ́ èdè. Ojú ló ni wíwò, síbẹ̀ a ń tọ́ ọbẹ̀ wò, a ń fọwọ́ kan aṣọ wò, a ń jẹ ẹran wò bóyá ó ti jinná. Kí la tún fẹ́ sọ nípa "dùn"? Iyán dùn, ìlù dùn, inú dùn, ẹsẹ̀ tí èèyàn fi gbún òkúta náà ń dùn ún. Inú àwọn ọ̀rọ̀ wọ̀nyí ni mo ti yọ orúkọ àgbọ́tọ́wò: gbọ́, kí o sì tọ́ ọ wò.

Ẹ má ṣì mí gbọ́ o. Kì í ṣe pé gbogbo Yorùbá ní sinẹsitísíà. Ẹni tó ní òun gbọ́ òórùn ẹja kò gbọ́ igbe ẹja. Ọ̀nà tí èdè gbà pín iṣẹ́ fún ọ̀rọ̀ yàtọ̀ sí ohun tí ara ń rí.

Ibi tí èdè àti ara ti pàdé ni àwọn ọ̀rọ̀ bíi róbótó àti ṣóńṣó. Ẹ pe méjèèjì fún àlejò tí kò gbọ́ Yorùbá rárá, kí ẹ ní kó fọwọ́ tọ́ka sí bọ́ọ̀lù àti abẹ́rẹ́. Mo ti dán an wò lórí àlejò mélòó kan, kò sí èyí tó ṣì í. Wolfgang Köhler, ará Jámánì, ti kọ̀wé nípa irú nǹkan báyìí ní 1929, pé ojú àti etí ń bára wọn mulẹ̀ lórí ohun tó rí kìrìbìtì àti ohun tó ní ṣóńṣó. Ní 2001, Ramachandran àti Hubbard gbé ọ̀rọ̀ méjì tí kò nítumọ̀ jáde fún àyẹ̀wò náà, "bouba" fún èyí tó rí kìrìbìtì, "kiki" fún èyí tó mú ṣóńṣó. Kò nítumọ̀ kẹ̀? Ẹ bèèrè bùbá lọ́wọ́ télọ̀ èyíkéyìí ní ọjà Gbági, ó máa gba ìwọ̀n yín.

Ó dáa, èyí tó wà lóòótọ́ wá ńkọ́?

Ní 1812, Georg Sachs, akẹ́kọ̀ọ́ ìṣègùn kan ní Jámánì, kọ ìwé oyè rẹ̀ lórí ara òun fúnra rẹ̀ àti ti àbúrò rẹ̀ obìnrin, torí pé àfín ni àwọn méjèèjì. Níbi tó ti ń ṣàlàyé ara rẹ̀ ló ti mẹ́nu bà á pé nọ́ńbà, lẹ́tà àti àwọn ọjọ́ inú ọ̀sẹ̀ ní àwọ̀ lọ́kàn òun. Àkọsílẹ̀ sinẹsitísíà tó pẹ́ jù tí àwọn onímọ̀ ń tọ́ka sí nìyí, ẹ sì wo ohun tó wà nínú rẹ̀: ọjọ́. Ọ̀rọ̀ àsìkò ti wà nínú ẹ̀ láti ìbẹ̀rẹ̀ pẹ̀pẹ̀.

Francis Galton, ará Gẹ̀ẹ́sì, tẹ̀ ẹ́ jáde ní 1880 pé àwọn kan wà tí nọ́ńbà tò lẹ́sẹẹsẹ sí níwájú, ọ̀kọ̀ọ̀kan ní ibi tirẹ̀, kò sì ń ṣípò. Lóde òní a mọ̀ pé oṣù àti ọdún ń ṣe bẹ́ẹ̀ fún àwọn míì. Oṣù 12 lè yí irú ẹni bẹ́ẹ̀ ká bí òrùka, Ṣẹ́rẹ́ lápá òsì, Agẹmọ lápá ọ̀tún. Tí ẹ bá ní kó wá sí ayẹyẹ nínú Bélú, á kọ́kọ́ ṣíjú wo ibi tí Bélú wà.

Ó pọ̀ ju bí ẹ ṣe rò lọ. Ìwádìí tí Julia Simner àti àwọn ẹlẹgbẹ́ rẹ̀ tẹ̀ jáde ní 2006, lórí akẹ́kọ̀ọ́ 500 ní Scotland, fi hàn pé ó lé ní 4 nínú 100 èèyàn tó ní irú sinẹsitísíà kan tàbí òmíràn. Irú tó wọ́pọ̀ jù lọ nínú wọn ni kí ọjọ́ inú ọ̀sẹ̀ ní àwọ̀.

Èyí tó ń pa mí lẹ́rìn-ín jù ni ti James Wannerton, ará Gẹ̀ẹ́sì tí ọ̀rọ̀ máa ń ní adùn lẹ́nu rẹ̀. Ó ya àwòrán ọ̀nà ọkọ̀ ojú irin abẹ́ ilẹ̀ London, ó kọ adùn sí ibùdókọ̀ kọ̀ọ̀kan. Mo máa ń ronú ohun tí ojú rẹ̀ máa rí nínú takisí Micra láti Challenge dé Sango, kí awakọ̀ máa pe Mọ̀kọ́lá sí i létí léraléra bí ẹni ń bù ú fún un jẹ.

Ọmọ mi, ọmọ ọdún méje, ní Ọjọ́ Ajé pupa. Ṣé kí n gbé e lọ ilé ìwòsàn?

Ẹ má gbé e lọ. Kì í ṣe àìsàn. Ẹ bi í pé irú pupa wo ni, kí ẹ kọ ọ́ sílẹ̀.

Ìgbà tí mo wà ní pírámárì, mo sọ fún olùkọ́ wa kan pé Ọjọ́rú dún bí ike tí wọ́n ń wọ́ nílẹ̀. Mo jẹ pàṣán mẹ́fà fún "ìsọkúsọ". Mi ò ní sinẹsitísíà o. Ọjọ́ tí wọ́n ń wọ́ ike omi kọjá lójú fèrèsé kíláàsì wa ni Ọjọ́rú. Àmọ́ láti ọjọ́ náà, ọmọ kankan ò tún sọ ohun tó ń rí lójú ọ̀gá yẹn mọ́. Ọ̀pọ̀ àgbàlagbà tó ní i gan-an ló sọ pé àwọn rò pé bẹ́ẹ̀ ló rí fún gbogbo ayé, àfi ọjọ́ tí ẹnì kan fi wọ́n rẹ́rìn-ín.

Tó bá sì jẹ́ pé inú àtẹ ABD ara ògiri kíláàsì ló ti mú pupa rẹ̀, ìyẹn náà kò bà á jẹ́. Ní 2015, Nathan Witthoft àti àwọn ẹlẹgbẹ́ rẹ̀ yẹ àwọn ará Amẹ́ríkà tó lé ní 6,000 wò, tí lẹ́tà ń ní àwọ̀ lọ́kàn wọn. Wọ́n rí i pé nǹkan bí 6 nínú 100 ló ní àwọ̀ tó bá ti lẹ́tà ike kan mu, èyí tí àwọn ọmọdé ń lẹ̀ mọ́ ara fíríìjì ṣeré. Ọpọlọ mú ohun tó bá nílẹ̀.

Ṣé ẹ̀mí òkùnkùn kò sí nídìí ẹ̀?

Kò sí. Ẹ fi ọmọ ọlọ́mọ sílẹ̀.

Ọjọ́ tiwa ńkọ́, ṣé wọ́n ní àwọ̀?

Àwọ̀ kọ́, ìwà ni wọ́n ní. Kó tó di pé ọ̀sẹ̀ ọlọ́jọ́ méje dé, ọjọ́ mẹ́rin la ní, ti Ọbàtálá, ti Awo, ti Ògún, ti Jàkúta, ọjọ́ kọ̀ọ̀kan sì ní aṣọ rẹ̀ àti ohun tí wọ́n ń jẹ níbẹ̀. Ẹni tó bá jí bá funfun lára àwọn olórìṣà, tó rí ìgbín nínú àwo, ti mọ ọjọ́ tó jẹ́ láìbi ẹnikẹ́ni. Ọ̀sẹ̀ tuntun náà ò bọ́ lọ́wọ́ wa: Ajé ń mówó wá, Ọjọ́rú ń rú, nǹkan ń tì lọ́jọ́ Ẹtì. Mo mọ oníṣòwò kan ní Bódìjà tí kì í tú àpò ìrẹsì tuntun lọ́jọ́ Ẹtì. Ó ní ìrẹsì rẹ̀ máa ń wúwo lọ́wọ́ lọ́jọ́ náà. Ọjọ́ tó níwọ̀n nìyẹn, tí kì í ṣe òṣùwọ̀n ló wọ̀n ọ́n.

Ní ti àwọ̀, funfun, pupa àti dúdú ni ìpìlẹ̀. Ìyókù a máa fi nǹkan júwe wọn: àwọ̀ ewé, àwọ̀ aró, àwọ̀ eérú. Mo rò pé èyí á jẹ́ kí sinẹsitísíà rọrùn láti sọ ní Yorùbá. Ẹni tó bá fẹ́ sọ irú aró tí Ọjọ́bọ̀ jẹ́, ó gbọ́dọ̀ sọ ìkòkò tí wọ́n ti rẹ ẹ́.

Kí ló dé tó fi jẹ́ Ìbàdàn?

Torí pé ibẹ̀ ni mo ń gbé. Ṣùgbọ́n ẹ jẹ́ kí n gbèjà ìlú mi díẹ̀.

Ọnà àdìrẹ ẹlẹ́kọ kan wà tí wọ́n ń pè ní Ìbàdàn Dùn. Ẹ tẹ́ ẹ sílẹ̀, kí ẹ wò ó dáadáa: òpó gbọ̀ngàn Màpó, tí wọ́n ṣí ní 1929, ló dúró níbẹ̀, ṣíbí sì wà láàárín òpó sí òpó. Alàdìrẹ kan jókòó, ó fẹ́ fi ẹ̀kọ àti aró sọ pé ìlú kan dùn. Ó ya ilé fún ìlú, ó ya ṣíbí fún dídùn. Aṣọ tí ojú ń tọ́ wò nìyẹn.

Ìlù ìròyìn rédíò ìjọba tí mo sọ lẹ́ẹ̀kan ńkọ́? Gángan ló ń sọ̀rọ̀ níbẹ̀, àwọn àgbà ìlú yìí sì ń gbọ́ ọ sí "Bólúbàdàn bá kú, ta ni ó jọba?" Nílé wa, aago mẹ́rin kì í lù, ìbéèrè ló máa ń bi wá.

Ọjà aṣọ òfì Òjé náà wà níbẹ̀, tó ń bọ̀ lẹ́yìn ọjọ́ mẹ́rìndínlógún, ìyẹn ọ̀sẹ̀ àtijọ́ mẹ́rin. Mi ò mọ kàlẹ́ńdà nígbà tí mo wà lọ́mọdé. Tí òórùn òwú tuntun àti aró bá ti gba ojú fèrèsé wọlé lálẹ́, tí àwọn ará Ìsẹ́yìn ń sọ ẹrù kalẹ̀ wúkẹ́wúkẹ́, mo ti mọ̀ pé ọ̀la ni Òjé. Ọ̀la ti ń rùn lálẹ́ òní. Apá kejì àgbọ́tọ́wò nìyẹn, ó kàn ní àlàyé ni.

Báwo ni ọ̀la ṣe fẹ́ dé kí ọ̀la tó dé?

Lákọ̀ọ́kọ́, ẹ ronú nípa òjò. Tí òjò bá ń rọ̀ ní Mọ́níyà, afẹ́fẹ́ á gbé òórùn ilẹ̀ tútù dé Bódìjà kí ẹ̀kán kan tó kán. Aláṣọ á ti máa ká aṣọ lórí okùn. Isabel Bear àti Richard Thomas ní Australia ló sọ òórùn náà lórúkọ ní 1964. Wọ́n pè é ní petrichor. Epo tí ilẹ̀ gbígbẹ àti òkúta ti fà mọ́ra ló ń tú jáde. Nítorí náà imú ń mọ ohun tó ń bọ̀.

Lẹ́yìn ìyẹn, ẹ dúró sí ẹ̀bá Òkè Màpó, kí ẹ máa wo ẹni tó ń fi òòlù lu irin ní ìsàlẹ̀ réré, ní nǹkan bíi mítà 340. Òòlù á balẹ̀, ẹ ò ní gbọ́ nǹkan kan. Ìgbà tó bá tún gbé e sókè ni "gbà!" máa dún. Ìró ń rin nǹkan bíi mítà 340 ní ìṣẹ́jú àáyá kan, ìmọ́lẹ̀ sì ti dé tipẹ́. Tó bá jẹ́ iwájú yín ló ti ń lù ú, ìró náà ṣì ń gbẹ̀yìn, àmọ́ ọpọlọ ti so ó pọ̀ mọ́ ohun tí ojú rí, ó ní ìgbà kan náà ni. Ọpọlọ wa ló ń lẹ àsìkò pọ̀ lójoojúmọ́, a ò kàn rí ojú ibi tó lẹ̀ ni. Nínú àgbọ́tọ́wò, mo rò ó bíi pé ẹni tó ń lẹ̀ ẹ́ sùn lọ díẹ̀.

Ìkẹta ni ti Endel Tulving, onímọ̀ ọpọlọ ní Kánádà. Ní 2002 ó pe agbára tí èèyàn fi ń rìn lọ sí àná àti ọ̀la nínú ọkàn ní kronẹsitísíà. Ó ti mọ ọkùnrin kan tí àwọn ìwé ìwádìí ń pè ní K.C., tó fi alùpùpù ṣèṣe ní 1981. K.C. mọ bí wọ́n ṣe ń ta ayò chess, ó mọ ilé àti ìdílé rẹ̀, àmọ́ kò rántí ohunkóhun kan pàtó tó ṣẹlẹ̀ sí i rí. Nígbà tí wọ́n bi í pé kí ló máa ṣe lọ́la, òfìfo ló bá. Àná lọ, ó sì mú ọ̀la dání lọ. Ibi tí màmá àgbà ti ń mú aago mẹ́rin jáde, ibẹ̀ náà ló ṣeé ṣe kí wọ́n ti tọ́jú gbogbo ìrọ̀lẹ́ àtẹ̀yìnwá sí. Imú ló sì sún mọ́ ibẹ̀ jù, torí pé ọ̀nà tí òórùn ń gbà dé ilé ìrántí àti ilé ìbẹ̀rù nínú ọpọlọ kúrú ju ti ojú àti etí lọ.

Mo jábọ́ lórí ọ̀kadà ní Ọ̀nà Ìwó, àsìkò sì dúró sójú kan. Àgbọ́tọ́wò ni?

Ẹ kú ewu. Kì í ṣe òun. Ní 2007, David Eagleman àti àwọn ẹlẹgbẹ́ rẹ̀ jẹ́ kí àwọn èèyàn já bọ́ láti òkè gíga, mítà 31, sínú àwọ̀n, pẹ̀lú ẹ̀rọ tó ń tan nọ́ńbà kíákíá ní ọwọ́ wọn. Bí àsìkò bá dúró lóòótọ́, ó yẹ kí wọ́n lè ka nọ́ńbà náà. Wọn ò lè kà á. Síbẹ̀, wọ́n ní ìjábọ́ tiwọn pẹ́ ju ti ẹlòmíì lọ. Ìrántí ló nípọn, àsìkò ò dúró.

Báwo ni mo ṣe lè mọ̀ bóyá mo ní sinẹsitísíà?

Ẹ kọ orúkọ ọjọ́ méje àti oṣù 12 sínú ìwé, kí ẹ kọ àwọ̀ tàbí adùn tó bá yọ síwájú ọ̀kọ̀ọ̀kan. Ẹ má rò ó. Ẹ fún ẹnì kan tí kì í yọjú sí nǹkan oníǹkan kó bá yín tọ́jú rẹ̀. Lẹ́yìn oṣù mẹ́ta, ẹ tún un kọ láìwo ti àkọ́kọ́. Ẹni tó ní i, àwọ̀ rẹ̀ kì í fi bẹ́ẹ̀ yí padà. Èmi ṣe tèmi, Ọjọ́bọ̀ kúrò ní àwọ̀ ewé bọ́ sí pupa, Àbámẹ́ta sì di ẹ̀bà. Mi ò ní nǹkan kan.

Ṣé èèyàn lè kọ́ ọ?

Kò sí ibi tí wọ́n ń kọ́ ọ. Ẹni tó bá ní òun máa fún yín ní nǹkan mu kó lè dé, ẹ sá fún un.

Ẹ ní aago mẹ́rin ń rùn bí àkàrà. Aago márùn-ún ńkọ́?

Mo bi màmá léèrè yẹn rí. Wọ́n ní, "Aago márùn-ún kẹ̀? Mo ti ń jẹ àkàrà náà nígbà yẹn. Ta ló ráyè gbóòórùn?"